Ojú owó, èlé àti ọdún: ohun tí ẹ̀yáwó ilé kọ́ mi ní Ìkòròdú

Ilé oníyàrá mẹ́ta tí èmi àti ọkọ mi ń gbé ní ìtòsí Igbógbó, ní Ìkòròdú, mílíọ̀nù mẹ́rìnlá ààbọ̀ náírà ni a rà á ní ìparí ọdún 2018. Iye yẹn ló wà nínú ìwé, òun náà sì ni a máa ń dá lóhùn bí ẹbí tàbí ọ̀rẹ́ bá béèrè. Mílíọ̀nù mẹ́rin ààbọ̀ péré ni tiwa nínú owó náà. Báǹkì ló yá wa ní mílíọ̀nù mẹ́wàá tó kù, wọ́n sì dá ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún fún wa láti san án pẹ̀lú èlé ìdá 18 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún. Bí a bá san án títí dé oṣù ìkẹyìn gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti là á sílẹ̀, tí èlé kò sì yí padà rárá, nǹkan bí mílíọ̀nù mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ni yóò ti ọwọ́ wa bọ́ sí ọwọ́ báǹkì nítorí mílíọ̀nù mẹ́wàá. Ẹ fi owó tí a kọ́kọ́ kó sílẹ̀ kún un, ẹ ó rí i pé ilé mílíọ̀nù 14.5 ti di ilé tó sún mọ́ mílíọ̀nù 33.5. Kò sí ẹni tó purọ́ fún wa. Gbogbo rẹ̀ wà nínú ìwé tí a fọwọ́ sí, àmọ́ kò sí ẹni tó kó o jọ sójú kan fún wa, àwa náà kò sì mọ̀ pé ó yẹ kí a béèrè. Nítorí tọkọtaya tó ti rí ilé tó wù wọ́n, tí báǹkì sì ti ń pè wọ́n lórí fóònù lójoojúmọ́, ni mo ṣe ń kọ èyí.

Ní àkókò náà, onílé wa ní àdúgbò Agric ti ń fi owó kún owó ilé ní gbogbo ìgbà tó bá wù ú, àwọn ìbejì wa sì ti dàgbà kọjá ẹni tí à ń rọ́ sínú yàrá kan náà pẹ̀lú òbí. Ọkọ mi, tí gbogbo àdúgbò mọ̀ sí Bàbá Ìbejì, ń ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ kan ní Odogúnyàn. Èmi ń ṣiṣẹ́ lábẹ́ ìjọba àpapọ̀ ní Ìkẹjà. A ní owó tí a ti kó jọ nínú ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ibi iṣẹ́, a sì ní owó oṣù tó ń wọlé déédéé, èyí tí báǹkì fẹ́ràn jù lọ. Ọ̀dọ́mọbìnrin tó jókòó tì wá ní báǹkì jẹ́ ọmọlúàbí, ó sọ̀rọ̀ dáadáa, ó sì sọ iye kan ṣoṣo fún wa: 161,042 náírà lóṣooṣù. Ó bi wá pé, “Mà, ṣé owó oṣù yín á gbé e?” Bàbá Ìbejì wo ojú mi, mo ṣírò owó oúnjẹ, owó ilé-ìwé àti owó ọkọ̀ nínú orí mi, mo sì ní yóò gbé e. Ìbéèrè tí a gbé yẹ̀ wò kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Lẹ́yìn náà ni mo tó mọ̀ pé ẹni tó bá fi owó oṣooṣù nìkan wọn gbèsè, ohun tí báǹkì fẹ́ kó wò ni ó ń wò.

Kí a tó gba kọ́kọ́rọ́ ni owó mìíràn ti ń jáde. Báǹkì gba owó ìṣàkóso, ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún owó tí wọ́n yá wa. A san owó ẹni tó wá díye lé ilé náà, bẹ́ẹ̀ báǹkì ló yàn án, báǹkì náà ló sì ni ìròyìn tó kọ. A san owó agbẹjọ́rò tiwa, a tún san owó agbẹjọ́rò báǹkì. Owó ìbánigbófò méjì wà níbẹ̀, ọ̀kan nítorí iná, èkejì nítorí ikú ẹni tó yá owó, ọdọọdún ni a sì ń san wọ́n títí di òní. Ti ìwé ilé tún wà lọ́tọ̀. Òfin ilẹ̀ ti ọdún 1978, ní abala rẹ̀ kejìlélógún, sọ pé ẹni tó ní ìwé ẹ̀tọ́ lórí ilẹ̀ kò gbọdọ̀ tà á, bẹ́ẹ̀ ni kò gbọdọ̀ fi í dógò, láìgba àṣẹ gómìnà. Àṣẹ yìí àti ìforúkọsílẹ̀ rẹ̀ ń gba owó, ẹni tó yá owó ló sì ń san án. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ parí, nǹkan bí 900,000 náírà ti lọ, owó tí a ti yà sọ́tọ̀ fún àga àti ẹ̀rọ amúnáwá. Orí ẹní ni a sùn ní oṣù díẹ̀ àkọ́kọ́ nínú ilé tuntun. Ìyẹn kò dùn mí púpọ̀, nítorí ẹní náà wà ní ilé wa.

A san owó gbogbo ọdún 2019 láìyẹ oṣù kan. Ní oṣù kìíní ọdún 2020, mo ní kí báǹkì tẹ ìwé àkọsílẹ̀ gbèsè wa jáde fún mi, nítorí mo fẹ́ fi yangàn fún ọkọ mi. Owó tí a ti san jẹ́ 1,932,504 náírà. Gbèsè tó kù, gẹ́gẹ́ bí ìwé náà ti wí, jẹ́ 9,855,999. Mo kà á, mo tún un kà. Nínú owó tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mílíọ̀nù méjì, 144,000 péré ló ti kúrò lára ohun tí a yá. Bàbá Ìbejì ní àṣìṣe ni, ó ní wọ́n ti kọ orúkọ ẹlòmíì mọ́ tiwa, ó sì fẹ́ wọ aṣọ kó lọ bá wọn jà ní báǹkì lọ́jọ́ náà.

Bàbá kan nínú ìjọ wa tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ akáńtáǹtì, tó ń gbé lẹ́yìn ọjà Sábó, ni mo gbé ìwé náà lọ bá. Wọ́n mú ìwé ìkọ̀wé ọ̀kan nínú àwọn ọmọ-ọmọ wọn, wọ́n fa ìlà mẹ́ta sí i: owó tí ẹ san, èlé, ohun tó bọ́ sára ojú owó, ìyẹn owó tí ẹ yá gan-an. Wọ́n ní, “Ìyá Ìbejì, ìdá 18 lọ́dún, ìdá kan ààbọ̀ ni lóṣù. Kí ni ìdá kan ààbọ̀ nínú mílíọ̀nù mẹ́wàá?” Mo ní 150,000 ni. Wọ́n kọ 161,042 sí abẹ́ ìlà kìíní, 150,000 sí abẹ́ ìkejì, wọ́n sì na ìwé náà sí mi kí n fúnra mi kọ èyí tó kù. Ẹgbẹ̀rún mọ́kànlá ó lé méjìlélógójì. Wọ́n gbé ẹ̀rọ ìṣirò lé mi lọ́wọ́ pé kí n ṣe oṣù kejì. Ojú owó ti di 9,988,958. Èlé rẹ̀ jẹ́ 149,834. Ohun tó bọ́ sára ojú owó jẹ́ 11,208. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín oṣù kìíní àti oṣù kejì kò tó igba náírà. Nígbà tí mo fi máa ṣe é dé oṣù kẹfà, mo ti lóye, ọ̀fun mi sì ti gbẹ.

Bàbá ní kí n má wulẹ̀ bá báǹkì jà, pé ọ̀nà tí irú ẹ̀yáwó bẹ́ẹ̀ ń gbà ṣiṣẹ́ nìyẹn níbi gbogbo láyé: owó oṣooṣù kò yí padà, àmọ́ èlé oṣù yẹn ni wọ́n kọ́kọ́ ń yọ nínú rẹ̀, èyí tó bá ṣẹ́ kù ló ń dín gbèsè kù. Wọ́n rán mi létí ìwọ̀fà ayé àtijọ́, ẹni tó ń sin olówó nítorí owó tí bàbá rẹ̀ yá. Gbogbo ebè tó bá kọ ní oko olówó, èlé ni wọ́n kà á sí. Bó lo ọdún mẹ́wàá níbẹ̀, ojú owó ṣì wà níbi tó wà títí ẹbí yóò fi kó o wá. Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní tiyín tilẹ̀ sàn díẹ̀, nítorí ẹ̀yin ń rí 11,000 yọ. Ṣùgbọ́n wọ́n ṣírò rẹ̀ síwájú fún mi pé, lórí èlé ìdá 18 àti ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ó tó ọdún mọ́kànlá ó lé oṣù díẹ̀ kí ìdajì owó oṣù kan tó máa bọ́ sára ojú owó.

Ohun tí mo rí lẹ́yìn ìyẹn ló ká mi lára jù, nítorí ó ṣeé ṣe kí a ti mọ̀ ọ́n ṣáájú. Mo bi Bàbá bóyá ìbá sàn kí a ti béèrè fún ogún ọdún, kí owó oṣooṣù lè fúyẹ́. Wọ́n ní kí a ṣírò rẹ̀. Fún mílíọ̀nù mẹ́wàá kan náà àti èlé kan náà, ẹni tó bá gba ogún ọdún yóò máa san 154,331 lóṣù. Ìfúyẹ́ tó rí kò pé ẹgbẹ̀rún méje náírà, bẹ́ẹ̀ gbogbo owó tí yóò san yóò lé ní mílíọ̀nù 37. Ẹni tó bá gba ọdún mẹ́wàá yóò máa san 180,185, ìyẹn nǹkan bí 19,000 lé lórí tiwa, gbogbo owó tí yóò san yóò sì jẹ́ nǹkan bí mílíọ̀nù 21.6. Mílíọ̀nù méje ó lé ló wà láàárín òun àti àwa. Ẹgbẹ̀rún mọ́kàndínlógún lóṣù! Ní ọdún 2018, a lè rí i yọ bí a bá fún ìgbànú mọ́ra díẹ̀. Ọ̀dọ́mọbìnrin inú báǹkì ti béèrè lọ́wọ́ wa pé ọdún mélòó ni a fẹ́, a sì fò mọ́ èyí tó gùn jù tí wọ́n lè fún wa, bí ẹni pé ọdún jẹ́ ọ̀fẹ́.

Nínú oṣù yẹn kan náà, àjọ tí Bàbá Ìbejì ń dá pẹ̀lú àwọn ará ibi iṣẹ́ rẹ̀ kàn án. 500,000 náírà ni. A ti fẹ́ fi ra ọkọ̀ àlòkù kan, ṣùgbọ́n lẹ́yìn tí mo ti ọ̀dọ̀ Bàbá dé, a gbé gbogbo rẹ̀ lọ sí báǹkì pé kí wọ́n yọ ọ́ kúrò nínú ojú owó. Wọ́n gbà á, wọ́n yìn wá, wọ́n sì fi iṣẹ́ ránṣẹ́ sórí fóònù pé owó oṣooṣù wa ti dín kù sí 152,872. Inú wa dùn. Bàbá kò bá wa yọ̀. Wọ́n ní ọ̀nà méjì ni báǹkì lè gbà lo irú owó bẹ́ẹ̀: wọ́n lè fi ọdún sílẹ̀ bó ṣe wà kí wọ́n dín owó oṣooṣù kù, tàbí kí wọ́n fi owó oṣooṣù sílẹ̀ bó ṣe wà kí wọ́n dín ọdún kù. Ní ọ̀nà àkọ́kọ́, èrè tí a ó rí lórí 500,000 náà títí dé òpin kò tó mílíọ̀nù 1.4. Ní ọ̀nà kejì, ọgbọ̀n oṣù ni yóò gé kúrò nínú gbèsè wa, ìyẹn nǹkan bí mílíọ̀nù 4.8 tí a kò ní san mọ́. Owó kan náà, ọjọ́ kan náà. Báǹkì kò sì béèrè èyí tí a fẹ́ lọ́wọ́ wa. Èyí tó dára fún wọn ni wọ́n ṣe.

Mo kọ lẹ́tà. Mo kọ ọ́ lọ́nà tó mọ́ gaara pé kí wọ́n dá owó oṣooṣù padà sí 161,042, kí wọ́n sì gé ọdún kù, kí wọ́n fi ìwé ìṣirò tuntun ránṣẹ́ sí mi. Wọ́n kọ́kọ́ ní kò ṣeé ṣe mọ́ lórí kọ̀ǹpútà wọn. Mo ń lọ, mo ń bọ̀, títí ọ̀rọ̀ mi fi sú ọ̀gá kan níbẹ̀, ó sì ṣeé ṣe. Ẹ má ṣe san irú owó bẹ́ẹ̀ láìmú lẹ́tà dání, kí ẹ sì jẹ́ kí wọ́n fi òǹtẹ̀ lu ẹ̀dà tí ẹ ó mú lọ sílé. Àkókò pàápàá ṣe pàtàkì: 500,000 tó gé ọgbọ̀n oṣù kúrò fún wa ní ìbẹ̀rẹ̀, bó bá jẹ́ pé ó ku ọdún kan kí gbèsè parí ni a san án, kò ní gé tó oṣù mẹ́rin.

Láìpẹ́ sí ìgbà náà ni kòrónà dé. Ilé-iṣẹ́ Bàbá Ìbejì ń san ìdajì owó oṣù fún wọn, báǹkì sì ń pe àwọn oníbàárà pé àwọn lè fún wọn ní oṣù díẹ̀ láti sinmi. Aládùúgbò wa kan tí òun náà fi ẹ̀yáwó ra ilé gba ìsinmi náà tọwọ́tẹsẹ̀. Ohun tí kò mọ̀ ni pé èlé kì í sinmi. Èlé oṣù tí kò san ni wọ́n kó lé orí ojú owó, ó di ojú owó tuntun, èlé sì tún bẹ̀rẹ̀ sí í gun orí rẹ̀. Àwa ta wúrà mi. Mi ò sọ pé kí gbogbo èèyàn ta wúrà wọn o, nítorí ìgbà kan wà tí ebi kò ní jẹ́ kí èèyàn ro ti èlé, ṣùgbọ́n kí ẹni tó bá fẹ́ gba ìsinmi kọ́kọ́ bèèrè ohun tí gbèsè rẹ̀ yóò jẹ́ lọ́jọ́ tí ìsinmi bá parí.

Gbólóhùn kan wà nínú lẹ́tà àdéhùn wa, ní ojú ewé tí a ti fọwọ́ sí láìkà á jinlẹ̀, tó sọ pé báǹkì lè yí iye èlé padà bí ọjà owó bá ṣe rí. CBN, báǹkì àgbà orílẹ̀-èdè wa, ní iye èlé kan tí wọ́n fi ń darí ọjà náà. Ó wà ní ìdá 13.5 ní ọdún 2019. Ní ọdún 2020 wọ́n sọ ọ́ kalẹ̀ sí 12.5, wọ́n tún sọ ọ́ kalẹ̀ sí 11.5. Èlé tiwa kò kúrò ní 18. Kò sí ẹni tó kọ lẹ́tà sí wa pé ọjà ti rọ̀. Ṣùgbọ́n láti oṣù karùn-ún ọdún 2022 ni CBN ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbé e gòkè, ní oṣù karùn-ún ọdún 2023 ó ti di 18.5, lẹ́tà sì dé ilé wa pé, bẹ̀rẹ̀ láti oṣù tó ń bọ̀, èlé wa ti di ìdá 24.

Ojú owó tó kù nígbà yẹn jẹ́ nǹkan bí 8,195,000. Mo ti mọ ìṣirò nísinsìnyí. Ìdá 24 lọ́dún jẹ́ ìdá méjì lóṣù, ìdá méjì nínú 8,195,000 sì jẹ́ 163,900. Owó tí à ń san ní gbogbo oṣù jẹ́ 161,042. Èyí túmọ̀ sí pé bí a bá ń san iye tí a ti ń san bọ̀ láìdáwọ́dúró, kò ní kájú èlé pàápàá, gbèsè wa yóò sì máa ga sí i lẹ́yìn ọdún mẹ́rin ó lé tí a ti ń san án. Mo fi ìwé náà han Bàbá Ìbejì, kò bínú lọ́tẹ̀ yìí, ó kàn jókòó. Báǹkì ní kí a máa san nǹkan bí 192,000. Oṣù yẹn náà ni ìjọba yọ owó ìrànwọ́ orí epo bẹntiróòlù, tí jálá epo fò láti nǹkan bí igba náírà kọjá 480, tí owó ọkọ̀ láti Ìkòròdú sí Mile 12 àti láti ibẹ̀ lọ sí Ìkẹjà sì gun òkè àjà. Owó ọkọ̀ yìí jẹ́ ara iye ilé, èmi kò sì rí i kí ẹnikẹ́ni kà á mọ́ ọn. Ilé Ìkòròdú dínwó ju ti Ìkẹjà lọ nítorí ọ̀nà rẹ̀ jìn. Ohun tí èèyàn kò san lórí ilé, ó ń san án lójú ọ̀nà Ìkòròdú ní ìdájí àti ní alẹ́, títí yóò fi fẹ̀yìn tì.

Nígbà tí à ń wá ibi tí a ó ti rí èyí tó lé sí i, a ṣì ń san iye àtijọ́, a rò pé báǹkì yóò gbọ́ ẹ̀bẹ̀. Èyí tó ṣẹ́ kù ń gorí ara wọn. Lọ́jọ́ kan ni owó kúrò nínú àpò owó Bàbá Ìbejì ní báǹkì mìíràn pátápátá, ibi tí owó ilé-ìwé àwọn ọmọ wà. Láti ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ọdún 2020 ni CBN ti fi ètò kan tí wọ́n ń pè ní GSI lélẹ̀, èyí tó fún báǹkì tí a jẹ ní gbèsè láǹfààní láti yọ owó rẹ̀ nínú àpò owó tí onígbèsè bá ní ní báǹkì èyíkéyìí, nítorí nọ́ńbà BVN, nọ́ńbà ìdánimọ̀ kan ṣoṣo tí oníbàárà ń lò ní gbogbo báǹkì, ti so gbogbo wọn pọ̀. Ẹni tó bá ń pa owó mọ́ sí báǹkì kejì nítorí kí ti àkọ́kọ́ má bàa rí i, kó gbọ́ èyí.

Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi kò gbà pé a pàdánù. Wọ́n ní, “Ìyàwó wa, ilé tí ẹ rà ní mílíọ̀nù mẹ́rìnlá, ta ni yóò tà á fún yín ní iye bẹ́ẹ̀ lónìí?” Òótọ́ wà nínú ọ̀rọ̀ wọn, mi ò sì fẹ́ fi pa mọ́. Àjọ tó ń ṣe ìṣirò fún ìjọba àpapọ̀ kéde pé, ní oṣù kejìlá ọdún 2024, ọ̀wọ́ngógó ọjà ti dé ìdá 34.8 nínú ọgọ́rùn-ún. Nígbà tí náírà bá ń yọ́ báyìí, gbèsè tí a jẹ ní náírà ń yọ́ pẹ̀lú rẹ̀, ilé sì ń wọ́n sí i. Ẹni tó ń yá ilé gbé ní Agric nígbà tí a kúrò níbẹ̀ ń san owó ilé tó ga ju ti ìgbà náà lọ lọ́nà tó ń bani lẹ́rù, kò sì ní bíríkì kan. Ṣùgbọ́n owó oṣù ló ń san gbèsè, kì í ṣe iye tí ilé tó lọ́jà. Owó oṣù tó kéré jù lọ lọ sókè láti 30,000 ní ọdún 2019 sí 70,000 ní ọdún 2024. Àwa tí a wà ní àárín, èyí tí wọ́n fi kún tiwa kò tó nǹkan. Mi ò lè gé igun ilé kan tà láti fi san èlé oṣù kan. Èrè tí Ẹ̀gbọ́n ń sọ, ẹni tó bá ta ilé rẹ̀ ló ń rí i gbà, àwa kò sì fẹ́ tà.

Ohun kan wà tí mo máa ń rò lóru. Láti ọjọ́ tí mo ti wọ iṣẹ́ ìjọba ni ìlà kan ti wà lórí ìwé owó oṣù mi, NHF, owó àpapọ̀ fún ilé gbígbé tí òfin ọdún 1992 dá sílẹ̀. Ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù mi ni wọ́n ń yọ. Mo kà á mọ́ owó tí ìjọba ń gbé lọ láìsí ohun tí a ó rí. Ẹni tó bá ti dá owó náà fún oṣù mẹ́fà, ó lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè fún ẹ̀yáwó ilé lọ́dọ̀ Federal Mortgage Bank of Nigeria, ní èlé tó jẹ́ ìdá mẹ́fà nígbà tí à ń ra ilé wa, kó sì lè lò tó ọgbọ̀n ọdún láti san án bí ọdún ìfẹ̀yìntì rẹ̀ bá gbà bẹ́ẹ̀. Kì í ṣe ọ̀dọ̀ wọn tààrà ni èèyàn ń lọ; báǹkì tó ń rí sí ẹ̀yáwó ilé nìkan ló ń bá èèyàn fi ìwé ránṣẹ́. Ní ọdún 2018, mílíọ̀nù mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni wọ́n lè yáni jù, bẹ́ẹ̀ mẹ́wàá péré ni a nílò. Mílíọ̀nù mẹ́wàá ní ìdá mẹ́fà fún ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, 84,386 lóṣù ni, gbogbo rẹ̀ kò sì ní ju mílíọ̀nù 15.2 lọ. Ẹ fi wé nǹkan bí mílíọ̀nù 29 tí a fọwọ́ sí.

Lóòótọ́, kò rọrùn. Wọ́n ń fẹ́ ìwé ilé tó pé, ìwé náà a sì máa pẹ́ lórí tábìlì. Ẹlẹgbẹ́ mi kan tó gba ọ̀nà yẹn dúró títí tí ẹni tó fẹ́ ta ilé fún un fi gba owó lọ́wọ́ ẹlòmíì, ó sì ní láti tún ilé mìíràn wá. Ó gbà á nígbẹ̀yìn, sí ọ̀nà Ìjẹdẹ̀, kò sì sí ẹni tó tíì kọ lẹ́tà sí i pé èlé ti yí padà. Kánjúkánjú wa ní 2018, tí a fi ń sáré nítorí onílé ń dà wá láàmú, ó dà bí ẹni pé oṣù mẹ́fà ni a rí rà nínú rẹ̀. Mo mọ iye tí a rà á.

Ní ìdajì ọdún 2024, báǹkì tún kọ̀wé: ìdá 30. Ojú owó wa jẹ́ nǹkan bí mílíọ̀nù 7.8, èlé oṣù kan lórí rẹ̀ sì ti tún kọjá 192,000 tí à ń san. Ìjókòó tí a ṣe ní alẹ́ ọjọ́ yẹn kò pẹ́. A ní ìdajì pulọ́ọ̀tì kan ní ọ̀nà Imọta tí a ti rà ṣáájú ìgbéyàwó, tí a fẹ́ kọ́ ṣọ́ọ̀bù sí fún ọjọ́ ogbó. A tà á ní mílíọ̀nù mẹ́rin, a sì gbé gbogbo rẹ̀ lé ojú owó. Níbẹ̀ ni mo ti rí gbólóhùn mìíràn tí n kò kà: báǹkì ń gba ìdá méjì lórí owó tí a bá san ṣáájú àkókò, ìyẹn 80,000 náírà. Mo san án. Mo mú lẹ́tà mi dání pé ọdún ni kí wọ́n gé, wọ́n sì gé e. Bí a bá ń san 192,000 lọ láìyẹ̀, oṣù méjìdínlọ́gbọ̀n ló kù láti ìgbà náà dípò ọdún méje. Lórí èlé ìdá 30, kò sí òwò tí Bàbá Ìbejì lè fi mílíọ̀nù mẹ́rin yẹn ṣe tí yóò mú èrè tó dájú bẹ́ẹ̀ wá, bẹ́ẹ̀ ó ti ní òwò méjì mẹ́ta lọ́kàn.

Àbúrò mi obìnrin fẹ́ ra ilé báyìí. Ó gbé lẹ́tà àdéhùn báǹkì rẹ̀ wá bá mi lọ́sẹ̀ tó kọjá, ó rò pé iye tí yóò máa san lóṣooṣù ni mo fẹ́ wò. Mo ní kó lọ gba ìwé ìṣirò tó fi oṣù kọ̀ọ̀kan hàn, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kó sì wo àròpọ̀ tó wà nísàlẹ̀ rẹ̀. A jọ fa ìlà sábẹ́ gbólóhùn mẹ́ta: èyí tó sọ ìgbà tí èlé lè yí padà, èyí tó sọ iye tí wọ́n ń gbà lórí owó tí a bá san ṣáájú, àti èyí tó sọ ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ bí oṣù kan bá yẹ̀. Ó kọ̀wé sí báǹkì pé òun fẹ́ kí èlé dúró lójú kan fún ọdún márùn-ún, kí wọ́n sì kọ ọ́ sínú àdéhùn pé bí CBN bá sọ èlé kalẹ̀, tòun náà yóò rọ̀. Wọ́n dáhùn pé ọdún méjì ni àwọn lè gbà, wọn kò sì sọ ohunkóhun lórí ìkejì. Òṣìṣẹ́ ìjọba ni òun náà. Ó ti lọ gba fọ́ọ̀mù NHF, ó sì ti sọ fún ẹni tó fẹ́ ta ilé fún un pé kó ní sùúrù, bí kò bá sì lè ní in, kó tà á fún ẹlòmíì.